Ọdún Tí Àsmá'ù Fi Dákẹ́

Àwọn àgbà ní ẹni tó bá ní sùúrù, ohun gbogbo ló ní. Mi ò bá àgbà jiyàn. Ṣùgbọ́n ẹ bá mi wo Àsmá'ù ọmọ Àbdùlsàlámì, oníṣẹ́ ìlẹ̀kẹ̀ ní Gàmbàrí, ní Ìlọrin níbí, kí ẹ wá sọ ohun tí òun ní fún mi. Sùúrù tí ọmọ yẹn ní, bí a bá pín in kárí ìlú, á ṣẹ́ kù fún àwọn ará Ọ̀fà. Sùúrù ọ̀hún náà ló sì gba ilé bàbá rẹ̀ lọ́wọ́ rẹ̀.

Eyín iwájú rẹ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ ń pààrọ̀ nígbà tí Àbdùlsàlámì kú. Ìyá rẹ̀ ti ṣáájú lọ, orí ìkúnlẹ̀ ló kú sí, òun àti oyún inú rẹ̀. Kò sí ẹ̀gbọ́n, kò sí àbúrò. Wọ́n sin bàbá sínú yàrá tó ti máa ń dán ìlẹ̀kẹ̀, àlùfáà sì jókòó, ó pín ogún bí Kùránì ṣe pín in: ọmọbìnrin kan ṣoṣo, ìdajì ilé ni tirẹ̀, ìdajì kejì di ti Mùkáílà, àbúrò bàbá rẹ̀. Mùkáílà yìí kan náà ni wọ́n fi ọmọ àti ìdajì ilé tó jẹ́ ti ọmọ sí lọ́wọ́, pé kó máa bá a tọ́jú rẹ̀ títí yóò fi bàlágà. Bàbá Kékeré ni Àsmá'ù ń pè é.

Kí n má parọ́ mọ́ ọkùnrin náà, kì í ṣe ìkà. Òun ló ń yọ egungun ẹja kúrò nínú oúnjẹ ọmọ. Bí ibà bá mú Àsmá'ù, òun ló ń pọ̀n ọ́n lọ sọ́dọ̀ àlùfáà láti lọ mu hàntú, omi tí wọ́n fi fọ Kùránì tí wọ́n kọ sára wàláà. Àìsàn kan ṣoṣo ló ń ṣe Mùkáílà, orúkọ àìsàn náà sì ni Mẹ́kà. Láti ìgbà tí òyìnbó ti la ojú irin, tí ọkọ̀ rẹ̀ ń gbé èrò láti Ìlọrin lọ sí Kánò, gbogbo ẹni tó ní fìlà lórí ló ń sọ pé Mẹ́kà ti súnmọ́ tòsí. Ta ló sọ fún wọn? Láti Kánò lọ, ẹsẹ̀ ni, aṣálẹ̀ ni, ọdún mélòó kan sì ni, bí Ọlọ́run bá ṣe é ní ìrọ̀rùn.

Ohun tí Mùkáílà máa fi rìn kò sí lọ́wọ́ rẹ̀. Ló bá ta ilé. Ká ní ìdajì tirẹ̀ ló tà, ta ni ì bá bi í? Odindi ló tà, tirẹ̀ pẹ̀lú ti ọmọ òrukàn tó wà lábẹ́ rẹ̀, fún Danjuma oníṣòwò obì, ará Kánò tó ti pẹ́ ní Gàmbàrí. Ẹni tó bá sì kàwé díẹ̀ lẹ́sẹ̀ àlùfáà mọ̀ pé alágbàtọ́ kò gbọdọ̀ ta ilé ọmọ òrukàn àfi bí ọ̀ràn ọmọ náà bá mú un wá. Ebi kò pa Àsmá'ù, àìsàn kò gbé e dè. Ẹsẹ̀ Mùkáílà ló ń yún un. Inú ọ̀ọ̀dẹ̀ ilé náà ni wọ́n ti tà á níṣojú àwọn ẹlẹ́rìí, Àsmá'ù ló sì gbé omi wá fún wọn mu. Ó gbọ́ gbogbo ọ̀rọ̀ tí wọ́n sọ.

Ní Ìlọrin, ẹni tó ń lọ Mẹ́kà kì í lọ láìtọrọ àforíjì. Á ti ojúlé dé ojúlé, á bẹ aládùúgbò, á bẹ oníbàárà, á bẹ ẹni tó bú ní ọdún mẹ́wàá sẹ́yìn. Ìdáhùn kan ṣoṣo ló wà tí ènìyàn lè fún un. Nígbà tó kan Àsmá'ù, Mùkáílà lóṣòó síwájú ọmọ náà lójú gbogbo ará àdúgbò.

"Àsmá'ù, mo ti ta ilé, tèmi àti tìrẹ. Bí Ọlọ́run bá mú mi dé, màá kọ́ èyí tó dára jù ú lọ fún ọ. Foríjì mí."

Gbogbo ojú wà lára ọmọ. Kí ni ẹ fẹ́ kó wí?

"Mo foríjì yín, Bàbá Kékeré. Ọlọ́run á foríjì gbogbo wa."

Wọ́n ṣe àmín. Mùkáílà sunkún tó fi rẹ irùngbọ̀n, ó dìde, wọ́n sì sìn ín lọ wọ ọkọ̀ ojú irin. Àsmá'ù padà délé, ó bá àwọn alágbàṣe Danjuma tí wọ́n ń kó àpò obì wọlé.

Opó arúgbó kan tó ń jẹ́ Talatu, tó ń ran òwú ní ojúlé kejì, ló mú un sọ́dọ̀. Kò bá a tan, àánú ló ṣe é. Talatu kọ́ ọ ní òfì tí àwọn obìnrin máa ń gbé ti ara ògiri, èyí tí ẹléhàá lè jókòó nílé kó máa hun. Láti ibi tí òfì náà wà, Àsmá'ù máa ń gbọ́ ariwo ilé bàbá rẹ̀ láti òdìkejì ògiri. Ó ń gbọ́ ọmọ Danjuma tó ń sunkún, ó ń gbọ́ odó. Bó bá ti dákẹ́ jù, Talatu á mọ ohun tó ń rò, á sì fún un ní ẹ̀kọ́ kan náà.

"Ẹni tó bá dojú kọ ilé Ọlọ́run, a kì í pè é láti ẹ̀yìn. Bí o bá fẹjọ́ rẹ̀ sùn nígbà tó wà lọ́nà, ẹjọ́ náà á di ẹ̀gún sí i lẹ́sẹ̀. Fi í sílẹ̀ kó dé. Yóò dé."

Ẹ̀kọ́ tí wọ́n bá kọ́ ọmọ òrukàn máa ń wọ̀ ọ́ lára ju ti ọmọ ẹlòmíràn lọ, nítorí kò sí ẹlòmíràn tí yóò bá a tún un sọ. Àsmá'ù gbà á gbọ́. Bó bá kírun tán, orúkọ Bàbá Kékeré ló ń fi bẹ̀rẹ̀ àdúà.

Nígbà tó dàgbà tán, ní ọjọ́ kejì Iléyá, Jímọ́ọ̀ ahunṣọ ní Pàkátà fẹ́ ẹ. Jímọ́ọ̀ kì í sọ̀rọ̀ púpọ̀, àfi bó bá fẹ́ fi ìyàwó rẹ̀ ṣe yẹ̀yẹ́. Á ní aṣọ tí òun ń hun ń lọ sọ́jà, aṣọ tí Àsmá'ù ń hun ń dúró de ẹnì kan láti Mẹ́kà. Àsmá'ù á rẹ́rìn-ín. Ó wọ ẹ̀há, kì í jáde, ayé rẹ̀ sì wà nínú yàrá kan àti àgbàlá kan. Ṣùgbọ́n bí ìró ọ̀pọ̀ ènìyàn bá gba iwájú ilé kọjá, tí wọ́n ń kí ẹni tó dé láti ìrìn àjò káàbọ̀, ọwọ́ rẹ̀ á dúró lórí òfì. Á gbọ́ títí ìró náà á fi wọ àdúgbò mìíràn lọ, á tún bẹ̀rẹ̀ sí í hun.

Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan, Jímọ́ọ̀ ti ibi tó ti ń kọ́ kéú dé, kò tilẹ̀ tíì bọ́ bàtà.

"Àsmá'ù, mo bi àlùfáà wa ní ọ̀rọ̀ ilé yín. Ó ní bí alágbàtọ́ bá ta ohun ìní ọmọ òrukàn, tí ọmọ náà sì wá dàgbà, tó mọ̀, ọdún kan ló ní láti wí pé òun ò gbà. Bó bá dákẹ́ títí ọdún fi pé, ìdákẹ́ náà ti di mo-gbà. Ìgbà tí o wọlé mi ni ọdún tìrẹ bẹ̀rẹ̀."

"Mo gbọ́."

"O ò ní láti jáde. Kí o fi mí ṣe wàkílì rẹ, kí n ṣojú fún ọ, màá dé ọ̀dọ̀ Álíkálí adájọ́ láàárọ̀ ọ̀la, màá sọ ọ́, màá padà sídìí iṣẹ́ mi."

Àsmá'ù bu omi fún un kó tó dá a lóhùn. "Bó bá wà nínú aṣálẹ̀ báyìí ńkọ́? Ká wá pe orúkọ rẹ̀ nílé ẹjọ́, kí nǹkan sì ṣe é. Ojú wo ni màá fi wo ara mi?"

"Ọdún ń lọ o."

"Mo mọ̀. Á dé kó tó pé."

Ẹ̀yin náà ẹ gbọ́. Á dé kó tó pé. Bí ẹni tí Mùkáílà ránṣẹ́ sí láti ọ̀nà. Jímọ́ọ̀ tún dábàá rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan sí i lẹ́yìn ààwẹ̀, Àsmá'ù fi ojú bẹ̀ ẹ́, Jímọ́ọ̀ sì jọ̀wọ́ rẹ̀. Iléyá tún dé, wọ́n pa àgbò, ọdún náà sì pé láìsí ẹni tó pariwo rẹ̀. Àsmá'ù mọ̀ pé ó pé. Ó dúró lẹ́nu ọ̀nà àgbàlá pẹ̀lú àwo ẹran lọ́wọ́, ó sì gbé ẹran náà wọlé.

Ìgbà tí àìsàn lùkúlùkú, ibà àti ikọ́ tó ń pa ènìyàn rẹpẹtẹ, wọ ìlú, kò béèrè ẹni rere tàbí ẹni burúkú. Òwúrọ̀ ló kọlu Jímọ́ọ̀, kò rí ọjọ́ kejì. Talatu kú ní ọ̀sẹ̀ kan náà, wọn kò tilẹ̀ rí ẹni tí yóò wá sọ fún Àsmá'ù títí wọ́n fi sin ín tán. Àsmá'ù wọ tàkábà, ó ń ṣọ̀fọ̀ ọkọ, ó jókòó oṣù mẹ́rin àti ọjọ́ mẹ́wàá nínú yàrá, kò sí ọmọ tó fò mọ́ ọn lẹ́yìn, kò sí ẹni tó ń fi í ṣe yẹ̀yẹ́. Ó máa ń bá òfì sọ̀rọ̀ kó lè gbọ́ ohùn ènìyàn.

Bó ṣe jáde tàkábà, ẹ̀gbọ́n ọkọ rẹ̀ pè é pẹ̀lú ọ̀wọ̀. Ó ní kó yan ọ̀kan: kó jẹ́ kí àbúrò Jímọ́ọ̀, tó ti ní ìyàwó mẹ́ta, ṣú u lópó, tàbí kó bá wọn tú yàrá sílẹ̀, nítorí ọmọ ilé kan fẹ́ gbéyàwó. Kò sọ ọ́ bí ìkà. Ohun tí ilé fẹ́ ló sọ. Ọmọbìnrin tí ọkọ kú fún, ilé bàbá ló ń padà sí, bó ṣe wà láti ìgbà Ádámọ̀ nìyẹn. Àsmá'ù jókòó, ó ro gbogbo ayé já, kò rí ilẹ̀ kan tí òun lè tẹ́ ẹní sí kí ẹnikẹ́ni má bi í pé ọjọ́ wo ni yóò lọ, àfi ìdajì ilé Gàmbàrí, níbi tí bàbá rẹ̀ sùn sí. Lọ́jọ́ kejì, ó bo ojú rẹ̀, ó gba ọ̀nà Ìdí-Àpè lọ sí ilé ẹjọ́ Álíkálí.

Wọ́n ránṣẹ́ pe Danjuma. Ó wá, ó kí gbogbo ènìyàn, ó mú ẹlẹ́rìí méjì tó ṣẹ́ kù láàyè dání. Ó ní òun ò jalè, òun ra ilé lójú ayé. Ó tún ní ọmọ náà fúnra rẹ̀ wà níbẹ̀, ó sì foríjì alágbàtọ́ rẹ̀ lójú gbogbo àdúgbò ní ọjọ́ tó ń lọ.

Álíkálí, bàbá arúgbó tí ohùn rẹ̀ kì í ròkè, yíjú sí àwọn ẹlẹ́rìí. "Ọmọ náà ti bàlágà lọ́jọ́ náà?"

Wọ́n ní rárá, ọmọdé ni.

"Àforíjì ọmọdé kì í ta ilé," ni Álíkálí wí. "Alágbàtọ́ kì í sì í ta ohun ọmọ òrukàn láti fi wá láádá ti ara rẹ̀. Títà yẹn kò dára."

Danjuma sorí kọ́. Ayọ̀ kún àyà Àsmá'ù lábẹ́ ìborùn. Ó ti ń wo ibi tí òun máa gbé òfì sí, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri tó kọjú sí oòrùn àárọ̀. Álíkálí wá yíjú sí òun náà.

"Ọmọ mi, ìgbà wo lo wọlé ọkọ?"

Ó sọ fún un.

"Iléyá mẹ́ta ló ti kọjá nìyẹn. Ṣé o mọ̀ nígbà náà pé wọ́n ti ta ilé?"

"Mo mọ̀."

"Ṣé ẹnikẹ́ni dí ọ lọ́wọ́ láti wá, tàbí láti rán ènìyàn wá?"

"Rárá, Àlùfáà."

"Kí ló wá dé tí o dákẹ́?"

Àsmá'ù fèsì. "Bàbá mi wà lójú ọ̀nà Mẹ́kà. Wọ́n ní a kì í pe ẹni tó ń lọ sí ilé Ọlọ́run lẹ́jọ́. Mo ń dúró dè é."

Àwọn tó jókòó síbẹ̀ ń kùn pé òótọ́ ló sọ, nítorí ohun tí ìyá tiwọn náà kọ́ wọn nìyẹn. Álíkálí mi orí rẹ̀.

"Mùkáílà ló lọ sí Mẹ́kà, ọmọ mi. Ilé náà kò lọ. Gàmbàrí ló wà, Danjuma sì wà nínú rẹ̀, òun lò bá pè, kì í ṣe ẹni tó wà lọ́nà. Ká ní o rán ẹnì kan péré wá kó dúró sẹ́nu ọ̀nà yìí, kó wí pé Àsmá'ù kò gbà, kó sì máa lọ, ọ̀rọ̀ rẹ ì bá wà láàyè títí dòní."

"Jímọ́ọ̀ sọ bẹ́ẹ̀."

"Ta ni Jímọ́ọ̀?"

"Ọkọ mi ni. Ó ti kú."

Nígbà tí Álíkálí máa dá ẹjọ́ náà, ojú ilẹ̀ ló ń wò. Ó ní ẹni tó mọ̀, tó lágbára, tó sì dákẹ́ kọjá ọdún rẹ̀, ó ti fọwọ́ sí i. Ilé di ti Danjuma. Ohun tí Mùkáílà gbà lórí ìdajì ọmọ, ọrùn Mùkáílà ló wà. Bó bá dé, kí Àsmá'ù padà wá. Ẹnì kan ní kó lọ bá Ajẹ́lẹ̀ òyìnbó. Ó lọ, wọ́n dá a padà lẹ́nu géètì pé ọ̀rọ̀ ogún Mùsùlùmí kì í ṣe tàwọn.

Kí ló kù? Àtidúró náà ló kù. Àlùfáà kan ní Pàkátà fún un ní yàrá kan ní fìsàbílíláàhì, láìgba owó, ó gbé òfì rẹ̀ ti ògiri ẹlòmíràn, ó sì tún bẹ̀rẹ̀ sí í dúró de ọkùnrin kan náà. Ṣé ẹ rí i bí ayé ṣe ń fi ọmọ òrukàn ṣeré. Ìyàwó ilé náà máa ń bu oúnjẹ fún un, Àsmá'ù á sì jẹ ẹ́ kíákíá kó lè tètè fọ àwo náà padà. Kò fẹ́ kí wọ́n rò pé òun ti ń sọ ibẹ̀ di ilé.

Ẹ̀ẹ̀rùn tó tẹ̀ lé e, ìyàwó ilé náà wá bá a nídìí òfì. "Àsmá'ù, ẹnì kan ti ọ̀nà Mẹ́kà dé, Àhmádù ni orúkọ rẹ̀. Ó ní Mùkáílà ti kú. Àwọn ènìyàn ti ń lọ kí wọn nílé rẹ̀ ní Gàmbàrí."

Nílé rẹ̀. Ẹ gbà mí. Àwọn ará ìlú kò mọ ẹjọ́, ilé tí wọ́n mọ Mùkáílà sí ni wọ́n ń lọ. Àsmá'ù bo ojú, ó gba ọ̀nà náà lọ.

Ọ̀ọ̀dẹ̀ kún. Danjuma ló tẹ́ ẹní, Danjuma ló pọn omi, òun ló jókòó sí àyè onílé tó ń gba ìkíni, nítorí ó rí i pé bí òun kò bá gbà á, kò sí ẹni tí yóò gbà á. Mi ò lè bú u. Àsmá'ù wá àyè láàárín àwọn obìnrin lẹ́bàá ẹnu ọ̀nà, kò sì sí ẹni tó bi í ní nǹkan. Àhmádù ń sọ ìtàn náà bóyá ìgbà kẹwàá. Ó ní àwọn jọ rìn láti Kánò, àwọn dé ilẹ̀ Sùdáànì, ibà sì mú Mùkáílà lábẹ́ igi kan kí òjò tó bẹ̀rẹ̀. Àwọn sin ín síbẹ̀, àwọn sì ń lọ.

"Ọdún wo nìyẹn?" ni ẹnì kan bi í.

"Ọdún tí a kúrò nílé gan-an. Kò rí ìkejì."

Àsmá'ù gbọ́ ọ. Ó kọ́kọ́ rò pé òun ò gbọ́ ọ dáadáa. Ọdún tí wọ́n kúrò nílé gan-an, kó tó wọlé Jímọ́ọ̀, kí Jímọ́ọ̀ tó ti ibi kéú dé, kí wọ́n tó pa àgbò ọdún náà. Ẹni tí òun ń ṣọ́ ẹsẹ̀ rẹ̀ kí ẹ̀gún má gún un, abẹ́ iyẹ̀pẹ̀ ló wà ní gbogbo àkókò náà, kò sì sí ohun tí ẹjọ́ kankan lè fi ṣe é mọ́. Inú bí Àsmá'ù. Ó bínú sí òkú, ó bínú sí Talatu tó fi ẹ̀kọ́ dáadáa pa á lára, ó bínú sí ẹnu ara rẹ̀. Lẹ́yìn náà ló rántí ẹni tó ń yọ egungun ẹja, ẹkún sì gbọ̀n ọ́n.

Obìnrin tó jókòó tì í súnmọ́ ọn. "Ẹ rọra o. Ṣé ẹ mọ olóògbé dáadáa ni?"

"Bàbá mi ni."

Obìnrin náà wo ojú ìborùn rẹ̀, ó wo Danjuma lókè ẹní, ọ̀rọ̀ náà kò yé e. Ṣùgbọ́n ó kúnlẹ̀. "Ẹ̀yin ni à bá máa kí nígbà náà. Ẹ kú ìrọ́jú. Ọlọ́run á tẹ́ ẹ sí afẹ́fẹ́ rere." Òun nìkan ló kí Àsmá'ù lọ́jọ́ náà.

Wọ́n ṣe àdúà, wọ́n ṣe àmín, èrò bẹ̀rẹ̀ sí í túká. Danjuma dúró lẹ́nu ọ̀nà, ó ń sin àwọn àlejò jáde lọ́kọ̀ọ̀kan, bó ṣe yẹ kí onílé ṣe. Nígbà tó kan Àsmá'ù, kò dá a mọ̀, ojú rẹ̀ wà nínú ìborùn. Ó tẹrí ba fún un bó ṣe tẹrí ba fún gbogbo wọn.

"Ẹ ṣeun gan-an tí ẹ wá," ni Danjuma wí. "Ọlọ́run á mú yín délé o."

"Àmín," ni Àsmá'ù dáhùn, ó sì bọ́ síta.